UConn àti Notre Dame: orogún tí kò gbé ilé kan náà mọ́

Mo ní àbúrò kan tó jẹ́ pé bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀ nìkan ló mọ̀ láyé. Ó rí i tí mo fi alámù fóònù mi sí aago kan òru, ó bi mí bóyá ìsọ́ òru ni mo fẹ́ lọ ṣe. Mo ní rárá, bọ́ọ̀lù agbọ̀n àwọn obìnrin yunifásítì Amẹ́ríkà ni mo fẹ́ jí wò, UConn àti Notre Dame. Àtìgbà náà ni ìbéèrè ti ń ya lu WhatsApp mi. Mo kó wọn jọ síbí, torí mi ò rò pé òun nìkan ni ọ̀rọ̀ náà rú lójú.

Ẹ̀gbọ́n, ta ni UConn, ta sì ni Notre Dame? Ṣé aládùúgbò ni wọ́n ni?

Rárá o. UConn ni yunifásítì ìjọba ìpínlẹ̀ Connecticut, ìlú kékeré kan tó ń jẹ́ Storrs ló wà. Notre Dame jẹ́ ti Ìjọ Àgùdà, ẹ̀gbẹ́ South Bend ló wà ní ìpínlẹ̀ Indiana. Ọ̀nà tó wà láàárín wọn jìn ju Èkó sí Kánò lọ. Tó bá jẹ́ ti àdúgbò ni, kò sóhun tó yẹ kó dà wọ́n pọ̀.

Ilé ọkọ ló dà wọ́n pọ̀. Àwọn yunifásítì Amẹ́ríkà máa ń pín ara wọn sí líìgì. Àwọn tó bá wà nínú líìgì kan gbọ́dọ̀ máa bá ara wọn gbá a lọ́dọọdún, wọ́n fẹ́ wọn ò fẹ́. UConn wà nínú èyí tí wọ́n ń pè ní Big East. Notre Dame wọlé bá wọn níbẹ̀ ní 1995, 2013 ló tó jáde. Títí oṣù kìíní 2001 fi dé, Notre Dame ò na UConn rí, kódà lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Ìyàwó méjì tí wọ́n jọ dáná lórí ààrò kan fún ọdún 18, tí ọbẹ̀ ìyáálé nìkan ń dùn fún ọdún 5 àkọ́kọ́, ṣé o tún ń bi mí ohun tó fa ìjà?

Kí ló wá tú ilé náà ká?

Owó. Kì í tiẹ̀ ṣe owó bọ́ọ̀lù agbọ̀n, owó fútúbọ́ọ̀lù àwọn ará Amẹ́ríkà ni, èyí tí wọ́n ń dé akoto gbá. Òun ni tẹlifíṣọ̀n ń náwó lé jù, òun náà ló sì ń lé àwọn yunifásítì kiri láti líìgì kan sí òmíràn. Notre Dame kó lọ sí ACC. UConn wà lára àwọn tó kù sílẹ̀, àwọn yẹn yí orúkọ padà, 2020 ni UConn tó padà sí Big East tuntun. Nísinsìnyí, tí wọ́n bá máa pàdé lásìkò òtútù, àdéhùn ni wọ́n ń ṣe. Òfin líìgì kankan ò mú wọn. Wọ́n ń pe ara wọn torí pé ìjà náà dùn, ó sì ń kún pápá.

Ẹ ní UConn ló ń borí jù. Ẹni tí wọ́n ń nà ní gbogbo ìgbà, báwo ló ṣe wá di orogún?

O ṣeun. Ìbéèrè tó ń jí mi lóru gan-an nìyí.

Òótọ́ ni pé tá a bá ka gbogbo ìpàdé wọn, UConn ti fi wọ́n sílẹ̀ jìnnà. Geno Auriemma ni akọ́nimọ̀ọ́gbá wọn láti 1985, ọwọ́ ẹ̀ nìkan ni gbogbo ife wọn ti wá. Ó ti pé 12 nígbà tó fi máa di oṣù kẹrin 2025. Ti Notre Dame ò ju 2 lọ títí di ìgbà yẹn, ti 2001 àti ti 2018.

Ṣùgbọ́n wò ó báyìí. Ìdíje ńlá tó ń parí sáà, ẹgbẹ́ 68 ló ń wọ̀ ọ́ báyìí. Ẹni tó bá fìdí rẹmi lẹ́ẹ̀kan ti ń di ẹrù ẹ̀ nìyẹn, kò sí pé ẹ jẹ́ ká tún un gbá. Ẹgbẹ́ mẹ́rin tó bá ṣẹ́ kù ni wọ́n ń pè ní Final Four. Láti 2001 sí 2019, UConn àti Notre Dame pàdé níbẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹ́jọ, Notre Dame sì borí nínú 5. Ife méjèèjì tí Notre Dame ní, orí UConn ló gbà kọjá kó tó dé àṣekágbá: 90 sí 75 ní 2001, 91 sí 89 ní 2018. Ẹni tí ò ń gbá létí ní gbogbo ọjọ́ ọjà, àmọ́ tó jẹ́ pé ọjọ́ ọdún rẹ gan-an ló máa ń wá bọ́ agbádá lọ́rùn rẹ. O ò ní gbàgbé onítọ̀hún.

Ibi tó ti di àdììtú nìyí. Ní sáà 2010 sí 2011, ẹ̀ẹ̀mẹrin ni wọ́n pàdé. UConn gba mẹ́ta àkọ́kọ́. Ẹ̀ẹ̀kẹrin bọ́ sí Final Four, Notre Dame sì jẹ wọ́n ní 72 sí 63, Skylar Diggins, ọmọ Notre Dame, nìkan ju 28 wọlé. Ọdún méjì lẹ́yìn ẹ̀, ayé dorí kodò: Notre Dame ló gba mẹ́ta àkọ́kọ́, ọ̀kan nínú ẹ̀ tiẹ̀ wọ àfikún àsìkò lẹ́ẹ̀mẹta kó tó tán. Wọ́n wá dé New Orleans fún ẹ̀ẹ̀kẹrin, UConn nà wọ́n bí ẹni na aṣọ òfì ní 83 sí 65, ó sì gbé ife lọ. Ní sáà tó parí ní 2018 àti èyí tó parí ní 2019, UConn ló borí nígbà òtútù, Notre Dame ló borí ní Final Four. Ní oṣù kejìlá 2024, Notre Dame gba UConn lálejò, ó sì nà án ní 79 sí 68. Nígbà tí oṣù kẹrin dé, ta ló gbé ife? UConn.

Tí ẹnikẹ́ni bá fi ìpàdé oṣù kìíní wo oṣù kẹrin fún ẹ, gba owó àyẹ̀wò ẹ padà lọ́wọ́ ẹ̀.

Ṣé wọ́n kórìíra ara wọn lóòótọ́ ni, àbí eré lásán ni?

Àwọn ọmọbìnrin yẹn? Mi ò rò bẹ́ẹ̀. Àwọn akọ́nimọ̀ọ́gbá ni kó o bi. Ní 2014, àwọn méjèèjì dé àṣekágbá láìpàdánù ẹyọ kan, ohun tí kò ṣẹlẹ̀ rí nínú ìdíje náà. Muffet McGraw, tó darí Notre Dame láti 1987 sí 2020, ò fi bò rárá lọ́sẹ̀ náà pé ìbọ̀wọ̀ tó wà láàárín ẹgbẹ́ méjèèjì ti pòórá. UConn dá a lóhùn pẹ̀lú 79 sí 58. Niele Ivey ló jókòó sórí àga McGraw báyìí, ọ̀kan lára àwọn tó wà lórí pápá fún Notre Dame ní 2001. Ó mọ ibi tí bàtà ti ń ta UConn lẹ́sẹ̀.

Àríkẹ́ tẹ́ ẹ máa ń dárúkọ yẹn ńkọ́? Ọmọ wa ni?

Ọmọ wa ni o. Arike Ogunbowale, tó gbá a fún Notre Dame, Milwaukee ni wọ́n ti bí i, ọmọ Nàìjíríà ni bàbá ẹ̀. Dare, ẹ̀gbọ́n ẹ̀ ọkùnrin, gbá fútúbọ́ọ̀lù alákoto ní NFL. Orúkọ oríkì ni Àríkẹ́, èyí tí ìyá àgbà fi ń tu ọmọ nínú tó bá ń sunkún. Nígbà tí mo kọ́kọ́ gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ Amẹ́ríkà, wọ́n ti da ohùn ẹ̀ rú débi pé ó tó ìṣẹ́jú díẹ̀ kí n tó mọ̀ pé Yorùbá ni.

Ní Columbus, ìpínlẹ̀ Ohio, ọjọ́ Ẹtì Rere, 30 oṣù kẹta 2018, Final Four ọdún yẹn. UConn ti gbá 36, ó ti gba 36. Ní ti Notre Dame, ọmọ mẹ́rin ni iṣan orúnkún wọn já ní sáà yẹn, àwọn tó ṣẹ́ kù ló ń fàyà rán an. Èmi wà lórí ibùsùn, mo rẹ ohùn fóònù sílẹ̀ kí n má bàa jí ará ilé. Notre Dame ṣíwájú, UConn lé wọn bá, 79 sí 79. Wọ́n wọ àfikún àsìkò. Notre Dame tún ṣíwájú, UConn tún lé wọn bá, 89 sí 89. Àríkẹ́ gba bọ́ọ̀lù. Ó ń ta á mọ́lẹ̀ lápá ọ̀tún, kò sáré, ó ń wo ẹni tó dúró níwájú ẹ̀ bí ìgbà tí oníbàárà ń wo ọjà tí kò tíì fẹ́ rà. Ó fò. Bọ́ọ̀lù kúrò lọ́wọ́ ẹ̀.

Nẹ́tíwọ́ọ̀kì dúró. Bọ́ọ̀lù wà lókè gbagidi, òbìrípo kékeré yẹn ń yí lójú fóònù. Mo gbé fóònù sójú fèrèsé, mo gbé e sókè orí. Kí àwòrán tó padà, wọ́n ti ń pe ìrun àsùbá ní mọ́sálásí àdúgbò wa, àwọn ọmọ Notre Dame sì ti ṣù bo ara wọn mọ́lẹ̀. Ìṣẹ́jú àáyá kan péré ló kù lójú aago. 91 sí 89.

Sọ́ńdè Àjíǹde tó tẹ̀ lé e, ó tún ṣe é. Wọ́n wà ní 58 sí 58 pẹ̀lú Mississippi State, ẹgbẹ́ tó ti fi 15 ṣíwájú wọn rí lọ́jọ́ náà. Wọ́n ju bọ́ọ̀lù sí i láti ìta, ó sáré lọ sí igun ọ̀tún, ara ẹ̀ ti ń fì kúrò nínú pápá nígbà tó jù ú. Alámì mẹ́ta, ó wọlé. Ohun tó kù lójú aago ni ìdá kan nínú mẹ́wàá ìṣẹ́jú àáyá.

Má wá lọ sọ ọ́ di òrìṣà o. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, lẹ́yìn tí wọ́n tún ti lé UConn lọ ní 81 sí 76, àṣekágbá pẹ̀lú Baylor bọ́ sí i lọ́wọ́. Ó ní ìjùọ̀fẹ́ méjì láti fi bá wọn dọ́gba, ìṣẹ́jú àáyá tó kù ò pé méjì. Àkọ́kọ́ ò wọlé. 82 sí 81.

Bàbá ọ̀rẹ́ mi tó wà ní Houston ní Tennessee ni orogún UConn, kì í ṣe Notre Dame.

Ẹ bá mi kí bàbá. Wọn ò parọ́, ti ìgbà tiwọn ni. 1995 ni UConn àti Tennessee bẹ̀rẹ̀, ó sì gbóná kọjá sísọ títí Pat Summitt, akọ́nimọ̀ọ́gbá Tennessee, fi ní òun ò gbá a mọ́ ní 2007. Ọdún 13 kọjá kí wọ́n tó tún pàdé, ní oṣù kìíní 2020. Iná tó ti kú fún ọdún 13, a lè tún un dá, ṣùgbọ́n ọmọ tó wà ní yunifásítì lónìí, ìtàn ló gbọ́.

Ṣé bí wọ́n ṣe ń gbá a ní NBA náà ni?

Kò jìnnà síra. Abala mẹ́rin ni, ìṣẹ́jú 10 lọ́kọ̀ọ̀kan, tí ti NBA jẹ́ 12. Tí wọ́n bá dọ́gba, ìṣẹ́jú 5 ni àfikún. Ẹni tó bá ṣẹ̀ lẹ́ẹ̀márùn-ún ti jáde. Bọ́ọ̀lù wọn kéré díẹ̀ sí ti ọkùnrin. Má sì rò pé èrò ò wò ó: ní 2024, àwọn tó wo àṣekágbá àwọn obìnrin lórí tẹlifíṣọ̀n Amẹ́ríkà lé ní mílíọ̀nù 18, wọ́n ju ti àwọn ọkùnrin lọ.

Tí wọ́n bá wá fẹ́ pàdé báyìí, kí ni kí n máa wò?

Wo bọ́ọ̀lù UConn, má wo ẹni tó mú un. Tí wọ́n bá wà lójú ọpọ́n, bọ́ọ̀lù kì í pẹ́ lọ́wọ́ ẹnì kan, á máa fò kiri bí ọ̀rọ̀ òfófó títí ẹnì kan á fi dá dúró lábẹ́ agbọ̀n. Sarah Strong ni kó o fojú sí lára wọn. Nínú àṣekágbá 2025, ọdún àkọ́kọ́ ẹ̀ ní yunifásítì nìyẹn o, ó ju 24 wọlé, ó sì gba bọ́ọ̀lù tó ta padà lẹ́ẹ̀mẹẹ̀ẹ́dógún.

Ní ti Notre Dame, Hannah Hidalgo. Kò ga, ẹsẹ̀ bàtà 5 àti ínṣì 6 ni, ṣùgbọ́n ọwọ́ ẹ̀ yá ju ti ajágbà lọ; tó o bá ń ta bọ́ọ̀lù mọ́lẹ̀ níwájú ẹ̀, ó ti gbà á kó o tó mọ̀. Ní oṣù kìíní 2024, òun náà ṣì wà lọ́dún àkọ́kọ́, ó lọ bá UConn nílé wọn ní Storrs, ó ju 34 wọlé, Notre Dame fi 82 sí 67 borí. Nítorí náà, ka iye ìgbà tí rẹfirí ń fun fèrè sí i. Tó bá ti ṣẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì kí abala kìíní tó parí, ìjókòó ló máa lọ, UConn á sì máa mí.

Tí UConn bá fi 10 ṣíwájú lẹ́yìn abala kejì, má lọ sùn. Lọ pọnmi, jẹ ẹ̀pà, kó o padà wá.

Aago mélòó gan-an ni, ta sì lẹ̀ ń tì lẹ́yìn?

Aago méje alẹ́ lọ́dọ̀ wọn ní ìlà oòrùn Amẹ́ríkà ni aago kan òru lọ́dọ̀ wa lásìkò òtútù. Tó bá ti di nǹkan bí àárín oṣù kẹta, wọ́n á yí aago wọn, á wá di aago méjìlá òru. Ra dátà sílẹ̀ láti ọ̀sán, kó o sì má jókòó síbi tí mo jókòó sí ní 2018.

Ní ti ẹni tí mò ń tì, Notre Dame ni, nítorí orúkọ oríkì kan. Ọmọ tó ń jẹ́ orúkọ náà ti jáde láti 2019, kódà ní 2025, òun àti Paige Bueckers, ọmọ UConn, ni wọ́n jọ wọ aṣọ Dallas Wings, ẹgbẹ́ àwọn tó ń gbá a gba owó. Àwọn orogún ti parí ìjà tiwọn, èmi ni mi ò tíì parí tèmi. Ṣùgbọ́n tó bá jẹ́ owó lo fẹ́ fi lé e, tó sì jẹ́ Storrs ni, nínú oṣù kìíní, fi sórí UConn. Má sọ fún ẹnikẹ́ni pé èmi ni mo sọ bẹ́ẹ̀.