Fóònù Inú Dúróà àti Okùn Orí Òpó: Bí Ọ̀dọ́ Júù Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì Ṣe Ń Pa Ọjọ́ Ìsinmi Mọ́

Lọ́jọ́ Ẹtì, bó bá ti ku nǹkan bí ìṣẹ́jú 18 kí oòrùn wọ̀, ìyá ilé á tan àbẹ́là. Láti ìgbà náà títí ìràwọ̀ mẹ́ta á fi yọ lálẹ́ Àbámẹ́ta, ìyẹn bíi wákàtí 25, kò sẹ́ni tó máa tan iná tàbí kó pa á nílé Júù Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì, ìyẹn àwọn Júù tó ń pa òfin ẹ̀sìn wọn mọ́ pẹ́kípẹ́kí. Ọmọ ọdún 16 inú ilé náà ti pa fóònù tirẹ̀, ó ti tì í sínú dúróà.

Bíbélì ní kí wọ́n rántí ọjọ́ ìsinmi láti yà á sí mímọ́, ṣùgbọ́n kò to àwọn iṣẹ́ tó léèwọ̀ lẹ́sẹẹsẹ. Àwọn rábì, ìyẹn àwọn olùkọ́ òfin Júù, ló tò wọ́n, ní nǹkan bí 1,800 ọdún sẹ́yìn, sínú ìwé òfin tí wọ́n ń pè ní Míṣínà. Iṣẹ́ 39 ni; lára wọn ni irúgbìn gbígbìn, ìkórè, ìwé kíkọ, ilé kíkọ́, iná dídá, àti gbígbé nǹkan láti inú ilé bọ́ sí ìta. Nígbà tí iná mànàmáná dé, àwọn rábì tún jókòó lé e. Àwọn kan ní gílóòbù tó ń pọ́n yòò, iná ni. Àwọn mìíràn ní ẹni tó so ọ̀nà iná pọ̀ ti kọ́ nǹkan. Ọ̀nà wọn yàtọ̀, ibi kan náà ni wọ́n já sí: ẹ má tàn án. Ibẹ̀ ni òfin ti bá fóònù. Wọ́n lè ti ṣètò aago sára iná kí oòrùn tó wọ̀, kó máa tàn kó sì máa kú fúnra rẹ̀. Bí ẹ̀mí bá sì wà nínú ewu, dandan ni kí wọ́n rú òfin, kí wọ́n pe áńbúláǹsì.

Èyí tí kì í tètè yé àlejò ni ti ẹrù gbígbé. Ọmọ ọwọ́, kọ́kọ́rọ́, ìwé àdúrà, wọn ò gbọdọ̀ gbé e jáde sí títì. Nínú ilé, kò sí wàhálà. Àwọn rábì bá wá ọ̀nà láti sọ odidi àdúgbò di agbo ilé kan. Wọ́n á ri òpó, wọ́n á ta okùn tàbí wáyà sórí wọn. Òpó méjì pẹ̀lú okùn tó gba orí wọn di ẹnu ọ̀nà. Ògiri tó ti wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀ á parí ìyókù. Eruv ni wọ́n ń pè é, ìtumọ̀ rẹ̀ ni àdàpọ̀, torí pé àwọn ará àdúgbò gbọ́dọ̀ ní oúnjẹ kan pọ̀: búrẹ́dì aláìwú tí wọ́n gbé pamọ́, lọ́pọ̀ ìgbà nínú sínágọ́gù. Ẹni tó dàgbà sí agbo ilé, tó mọ̀ pé ojúde kan náà ló wà fún gbogbo ọmọ ilé, á lóye rẹ̀ kíá. Lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, ẹnì kan á yí okùn náà ká láti yẹ̀ ẹ́ wò. Bí ìjì bá já a, wọ́n á kéde, ọwọ́ òfìfo ni gbogbo èèyàn á sì fi jáde.

Ní àríwá ìwọ̀-oòrùn Lọ́ńdọ̀nù, lápá Golders Green àti Hendon, ọdún 2003 ni eruv bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún àríyànjiyàn. Ṣáájú ìgbà náà, ìyá ọlọ́mọ kékeré a máa há mọ́lé ní gbogbo Sátidé. Wàyí o, ó lè fi kẹ̀kẹ́ ti ọmọ lọ sí sínágọ́gù. Kò sì sẹ́ni tó ń wakọ̀ lọ́jọ́ náà, torí náà ibi tí ẹsẹ̀ lè dé ni wọ́n ń gbé. Ilé ọ̀rẹ́, ilé rábì, ilé àna, gbogbo rẹ̀ wà nítòsí. Ọmọ tó dàgbà síbẹ̀ kò ní láti wá ẹni tí wọ́n jọ jẹ́ Júù kiri.

Àmọ́ kò rọrùn fún gbogbo ọmọ. Ní nǹkan bí 2011, àwọn Júù Amẹ́ríkà bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ọ́ ní gbangba pé àwọn ọ̀dọ́ kan ń lọ sí sínágọ́gù, wọ́n ń bá ẹbí jẹun, wọ́n á wá wọ yàrá lọ máa tẹ àtẹ̀jíṣẹ́. "Half Shabbos" ni wọ́n sọ ọ́ ní, ìyẹn ààbọ̀ ọjọ́ ìsinmi. Ó dun àwọn òbí. Síbẹ̀, ọmọ tó pa ààbọ̀ mọ́ ṣì wà nídìí tábìlì, kò yẹ kí wọ́n lé e kúrò níbẹ̀.

Àwọn tí kò dàgbà sínú rẹ̀ náà ní ọ̀nà tiwọn. Láti 1954 ni NCSY, ẹgbẹ́ ọ̀dọ́ tí Orthodox Union, àjọ àwọn sínágọ́gù Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì ní Amẹ́ríkà, dá sílẹ̀, ti ń kó àwọn ọmọ jọ fún òpin ọ̀sẹ̀, títí kan àwọn tó ń lọ sílé ìwé ìjọba. Oríṣi Júù mélòó kan ló wà ní Amẹ́ríkà, Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì kò sì pọ̀ láàárín wọn. Ṣùgbọ́n nínú ìwádìí tí Pew, àjọ ìwádìí kan ní Amẹ́ríkà, ṣe ní 2020, ìdá 17 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn Júù ọmọ ọdún 18 sí 29 ló jẹ́ Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì, nígbà tí ti àwọn tó ti pé 65 kò ju ìdá 3 lọ. Ọmọ bíbí wọn tó pọ̀ wà lára ohun tó fà á.

Lálẹ́ Àbámẹ́ta, tí ìràwọ̀ bá yọ, wọ́n á tan àbẹ́là kan tí wọ́n hun bí irun dídì. Wọ́n á gbọ́ òórùn kànáfùrù, wọ́n á kọrin, wọ́n á sì ti àbẹ́là náà bọ wáìnì títí á fi kú. Èéfín rẹ̀ á ṣì máa rú nígbà tí ọmọ náà bá lọ ṣí dúróà.