Atorin ni, kì í ṣe "aṣètò orin"

Ẹ jọ̀ọ́, bí ẹ bá ń túmọ̀ "arranger", ẹ yé pe Melba Liston, obìnrin Amẹ́ríkà tó fun trombone nínú orin jáàsì, tó sì ń pín orin fún ohun èlò kọ̀ọ̀kan nínú ẹgbẹ́, ní "aṣètò orin". Ilé iṣẹ́ rédíò ni mo mọ aṣètò sí. "Olùdarí orin" ló tún wá burú jù: ìyẹn ló ń dúró níwájú ẹgbẹ́ akọrin, tó ń ju ọwọ́. Ẹni tó kọ "aréńjà" ní tirẹ̀ kò túmọ̀ nǹkan kan, ó kàn wọ bùbá fún ọ̀rọ̀ òyìnbó ni.

Atorin ni tèmi. A ń to ìwé, a ń to àga, orin náà ṣe é tò. Bí ẹni tó ń ta ọjà ṣe jẹ́ atajà, bẹ́ẹ̀ ni ẹni tó ń to orin jẹ́ atorin. Ẹnìkan ní ó jọ àtòrì tí wọ́n fi ń na ọmọ. Ó lè jọ ọ́ lójú ẹni tí kì í fi àmì sórí ọ̀rọ̀.

Aṣọ ẹbí ni kí ẹ fi wò ó. Ẹni tó dá orin sílẹ̀ ló gbé ìgàn aṣọ wá. Atorin ni télọ̀. Ó gé agbádá fún trumpet, ìró àti bùbá fún saxophone, ó fi èyí tó kù rán fìlà fún onílù. Aṣọ kan náà ni, ṣùgbọ́n kálukú ló wọ tirẹ̀. Ẹ má bi mí ní ìyàtọ̀ tó wà láàrin títo orin àti pípín in fún fèrè. Télọ̀ kan náà ni.

Ọmọ ọdún 7 ni Liston ti gba trombone, fèrè idẹ gígùn tí wọ́n ń fà síwá sẹ́yìn, mú, nígbà tó jẹ́ pé fífi ẹnu kọrin àti dùùrù ni wọ́n sábà ń yọ̀ǹda fún obìnrin nínú jáàsì. Ní 1949, ó bá akọrin jáàsì Billie Holiday rin ìhà gúúsù orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà, níbi tí òfin ti ya aláwọ̀ dúdú sọ́tọ̀. Ojú rẹ̀ rí màbo. Ó fi orin sílẹ̀, ó lọ ṣe iṣẹ́ ọ́fíìsì. Dizzy Gillespie, afuntrumpet tó ní ẹgbẹ́ jáàsì tirẹ̀, ló ránṣẹ́ pè é padà ní 1956. Àwọn ọkùnrin inú ẹgbẹ́ ń kùn pé kí ló ń fi obìnrin ṣe. Gillespie ní kó pín ìwé orin tó tò fún wọn. Wọn ò tíì fun ún jìnnà tó fi dàrú mọ́ wọn lẹ́nu.

Liston náà ló to àwo orin *Uhuru Afrika* fún Randy Weston, atẹdùùrù jáàsì, ní 1960, orúkọ Weston ló sì wà níwájú àwo. Ta ló ń bèèrè télọ̀ lóde àríyá?

Àrùn rọpárọsẹ̀ dá Liston dúró ní 1985. Kò lè fun trombone mọ́, ló bá kọ́ kọ̀ǹpútà, ó sì ń fi í to orin fún Weston. Ẹ wá sọ fún mi pé ètò ni obìnrin yẹn ń ṣe.