Bí Iṣẹ́ Títọ́jú Ohùn Àtijọ́ Ṣe Bẹ̀rẹ̀, Títí Dé Orí Kásẹ́ẹ̀tì Dàdàkúàdà

Ẹ̀rọ tí Thomas Edison ṣe ní Amẹ́ríkà lọ́dún 1877 ni àkọ́kọ́ tó gba ohùn ènìyàn sílẹ̀ tó sì tún un sọ. Nígbà tó yá, ìda tí wọ́n mọ bí agolo ni wọ́n ń gba ohùn sí. Abẹ́rẹ́ ló ń gbẹ́ ohùn sára ìda. Abẹ́rẹ́ tí wọ́n fi ń gbọ́ ọ ló ń ha á dànù díẹ̀díẹ̀ nígbàkúùgbà tí wọ́n bá tún un gbọ́. Ibẹ̀ gan-an ni iṣẹ́ títọ́jú ohùn ti ṣẹ̀.

Ìlú Vienna, ní Austria, dá ilé ìpamọ́ ohùn sílẹ̀ ní 1899. Lọ́dún kejì, onímọ̀ kan, Carl Stumpf, bẹ̀rẹ̀ tiẹ̀ ní Berlin, ní Jámánì. Ọgbọ́n tí wọ́n ta níbẹ̀ le: wọ́n á fi bàbà bo ìda, bàbà á gba gbogbo ìlà ara rẹ̀, wọ́n á wá yọ ìda kúrò. Ìda á bàjẹ́ pátápátá, ṣùgbọ́n inú bàbà tó kù ni wọ́n á ti máa da ìda tuntun. Wọ́n fi ojúlówó san owó ẹ̀mí ohùn. Ní 1999, UNESCO, àjọ àgbáyé fún ẹ̀kọ́ àti àṣà, ka àkójọ Berlin yìí mọ́ ogún ìrántí gbogbo ayé.

Dàdàkúàdà, orin ìbílẹ̀ Ìlọrin, irú ti Ọdọláyé Àrẹ̀mú àti Jáígbadé Àlàó, gba orí rẹ́kọ́ọ̀dù bọ́ sórí kásẹ́ẹ̀tì, èyí tí ilé-iṣẹ́ Philips gbé jáde ní 1963. Àwọn èèyàn wá ń ṣe ẹ̀dà láti ara ẹ̀dà. Bí wọ́n ti ń gbà á síra wọn ni ariwo "ṣììì" ń ga sí i. A kò gbọdọ̀ tìtorí ìyẹn fojú tẹ́ńbẹ́lú ẹ̀dà: ojúlówó lè ti sọnù, kí èyí tó wà nínú àpótí ìyá àgbà kan ní Ọjà-Ọba ṣì pé.

Bí irú kásẹ́ẹ̀tì bẹ́ẹ̀ bá tẹ̀ yín lọ́wọ́, ẹ má tíì gbọ́ ọ. Ẹ kọ́kọ́ wò ó bóyá èbu funfun ti mú téèpù rẹ̀. Èbu á ran ẹ̀rọ, ẹ̀rọ á sì ran kásẹ́ẹ̀tì mìíràn. Fóòmù kékeré tó ń ti téèpù mọ́ hẹ́ẹ̀dì, ibi tí ẹ̀rọ fi ń ka téèpù, máa ń jábọ́, ohùn á wá dàbí ẹni ń sọ̀rọ̀ láti yàrá kejì. Ẹ tú súkúrù márààrún, kí ẹ kó téèpù sínú páálí kásẹ́ẹ̀tì mìíràn tó dára. Ẹ fi báírò yí i jẹ́jẹ́, nítorí téèpù tó pẹ́ nílẹ̀ máa ń lẹ̀ mọ́ra. Téèpù C-120, oníṣẹ́jú ọgọ́fà, tín-ín-rín gan-an, òun ló máa ń lọ́ jù.

Ẹ fi òwú àti sípíríìtì nu hẹ́ẹ̀dì. Súkúrù kékeré kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀: ẹ yí i díẹ̀díẹ̀, kí ẹ máa tẹ́tí sí "s" àti "ṣ" lẹ́nu olórin, títí wọ́n á fi mú ṣáká. Bí wọ́n bá ṣì ń kùn, hẹ́ẹ̀dì kò tíì bá téèpù mu, kò sì sí kọ̀ǹpútà tó lè dá ohun tí hẹ́ẹ̀dì kò kà padà.

Lẹ́yìn náà ni kí ẹ gbà á sórí kọ̀ǹpútà bíi fáìlì WAV, tí kì í gé ohùn kù, ní ìwọ̀n 24 bit, 48 kHz ó kéré tán; wákàtí kan á gbà tó GB kan. Ẹ má gbà á sí MP3, tó máa ń gé lára ohùn, ẹ má sì yọ ariwo kankan kúrò lára ẹ̀dà àkọ́kọ́. Ẹ pa á mọ́ sí ibi mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀. Oríkì agboolé ló pọ̀ jù nínú orin yìí, nítorí náà ẹ gbé e fún àgbà ilé gbọ́, kí ẹ kọ orúkọ ẹni tí wọ́n ń kì àti ilé rẹ̀ sílẹ̀ pẹ̀lú ìṣẹ́jú tó bọ́ sí.