Ẹ yé lọ wá ẹyọ DLL kan ṣoṣo kiri

Ó di alẹ́ ọjọ́ tí ilé olókùú ń retí póstà kí ètò àtúnṣe fọ́tò tó kọ̀ láti ṣí ní ṣọ́ọ̀bù kan ní Kabba. Gèlè ìyá àgbà ò tíì gún, ojú kọ̀ǹpútà sì ti kọ ọ́ gàdàgbà pé òun ò rí MSVCP140.dll. Kò ní pẹ́ tí ẹnì kan á fi dábàá pé kí wọ́n wá fáìlì yẹn lórí íntánẹ́ẹ̀tì, kí wọ́n jù ú sínú System32, fódà tí Windows ń kó fáìlì tirẹ̀ sí. Àbá burúkú gbáà ni.

Ẹ̀rọ ìlọta àdúgbò ni DLL: fáìlì iṣẹ́ tí ọ̀pọ̀ ètò jọ ń lò. Ilé kọ̀ọ̀kan kì í ra ẹ̀rọ tirẹ̀. Ata ni kálukú ń gbé wá. Iṣẹ́ ṣíṣí fọ́tò JPEG, fún àpẹẹrẹ, libjpeg tó kọ́kọ́ jáde ní 1991 ló ń bá ọ̀pọ̀ ètò ṣe é. Little CMS ń tọ́jú àwọ̀. Lórí Linux, .so ni wọ́n ń pe irú fáìlì bẹ́ẹ̀, lórí Mac, .dylib.

Ibi tó dùn jù ni ìgbà tí a bá tẹ ètò náà lẹ́ẹ̀mejì. Inú rẹ̀ ni àkọsílẹ̀ wà: orúkọ DLL tó nílò, àti iṣẹ́ tó fẹ́ kí ọ̀kọ̀ọ̀kan bá òun ṣe. Windows á máa pè wọ́n lórúkọ. Inú fódà ètò náà gan-an ló sábà máa ń kọ́kọ́ wò kó tó dé System32. Bó bá rí fáìlì tí kò rí iṣẹ́ tó ń wá nínú rẹ̀, ètò ò ní ṣí náà ni.

Ohun tó dá wàhálà sílẹ̀ láyé àtijọ́ nìyẹn. Ètò tuntun á dé, á fi DLL tirẹ̀ bo ti tẹ́lẹ̀ mọ́lẹ̀. Bíi kí ẹni tó wá fọ́ àgbàdo adìyẹ dẹ ọwọ́ ẹ̀rọ, kó sì máa lọ ilé rẹ̀: ẹ̀wà alákàrà tó tẹ̀ lé e á jáde ní wóróworó, ẹlẹ́rọ ni wọ́n á sì máa bú. Nígbà tó yá, Windows bẹ̀rẹ̀ sí í tọ́jú oríṣiríṣi ẹ̀dà sínú fódà WinSxS. Ọ̀pọ̀ ètò tilẹ̀ ń gbé ẹ̀rọ tirẹ̀ dání báyìí. Àlàáfíà wà níbẹ̀ lóòótọ́, ṣùgbọ́n nígbà tí àṣírí ihò ààbò kan tú nínú libwebp, tó ń bá ètò ṣí fọ́tò WebP, ní oṣù kẹsàn-án 2023, gbogbo ètò tó gbé ẹ̀dà tirẹ̀ dání ló ní láti tún un ṣe lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Ẹ̀rọ àjọlò ṣì gbọ́n jù, bó bá ṣáà ti ní ẹlẹ́rọ gidi.

MSVCP140.dll kì í dá rìn. Òun àti VCRUNTIME140.dll pẹ̀lú àwọn ẹ̀gbọ́n àti àbúrò wọn jọ wà nínú àkójọ tí wọ́n ń pè ní Visual C++ Redistributable, ọ̀fẹ́ sì ni lọ́dọ̀ Microsoft. Odidi rẹ̀ ni kí a fi sórí kọ̀ǹpútà, x86 (ti ètò 32-bit) àti x64 (ti ètò 64-bit). Ẹni tó wá ẹyọ kan lọ́dọ̀ aláìmọ̀rí ti ra ọlọ ẹ̀rọ lẹ́bàá títì, bóyá pẹ̀lú fáírọ́ọ̀sì lórí.

Orúkọ fódà pàápàá ń tan ni. Lórí Windows 64-bit, fáìlì 64-bit ló ń gbé inú System32. Ti 32-bit wà nínú SysWOW64. Ẹni tó bá tẹ̀ lé orúkọ ti gbé ata tútù lọ sídìí ẹ̀rọ èlùbọ́. Kọ̀ǹpútà ò tún ní sọ pé òun ò rí fáìlì mọ́. Nọ́ńbà àṣìṣe 0xc000007b ló máa kọ síbẹ̀, gèlè ìyá á sì wà bó ṣe wà.