Wọ́n yọ orin kúrò nínú fíìmù, ẹ̀rù ò bà wá mọ́: ìbéèrè àti ìdáhùn

Fídíò kan ń ká WhatsApp àwa ará Ìbàdàn. Ẹnìkan gé síìnì kan nínú fíìmù Yorùbá, ibi tí àjẹ́ ti ń bọ̀ lóru, ó yọ orin ẹ̀ kúrò, ó wá ku ìyá àgbà kan tó ń rọra lọ jẹ́jẹ́ ẹ̀. Làwọn èèyàn bá ń bínú pé ṣé wọ́n ti ń rẹ́ àwọn jẹ látijọ́ ni.

Ṣé orin yẹn ló ń dẹ́rù bà wá lóòótọ́?

Òun ló kó èyí tó pọ̀ jù níbẹ̀.

Báwo ló ṣe ń ṣe é?

Èèyàn lè fọwọ́ bojú, ṣùgbọ́n etí ò ní ìdérí. Ẹ wo Jaws, fíìmù ẹja apànìyàn tó jáde ní 1975. Nóòtì méjì péré ni John Williams fi bẹ̀rẹ̀ orin ẹ̀, Steven Spielberg tó jẹ́ dírẹ́kítọ̀ rẹ́rìn-ín nígbà tó kọ́kọ́ gbọ́ ọ, ó rò pé ó ń bá òun ṣàwàdà ni. Bẹ́ẹ̀ ẹja tí wọ́n fi ẹ̀rọ ṣe ò yéé bàjẹ́, wọn ò rí i lò bí wọ́n ṣe fẹ́, nóòtì méjì yẹn ló wá di ẹja, tó bá ti ń dún tó sì ń yára sí i, àyà ẹ ti ń já, omi lásán lò ń wò o. Níbi táwọn ọmọdé kan ti wá fi ẹja ayédèrú dẹ́rù bani, wọn ò fi orin síbẹ̀ rárá.

Tiwa ńkọ́?

Ìlù tiwa tún ń sọ̀rọ̀. Nínú Ṣaworoidẹ tí Túndé Kèlání ṣe ní 1999, ìlù gan-an wà lára ìtàn. Èyí tó ń bí mi nínú ni orin tó ń tú àṣírí: ìyàwó ò tíì débi ìkòkò, akọrin ti ń kọ ọ́ pé ó fẹ́ fi májèlé sọ́bẹ̀. Ẹ jẹ́ kó sè é ná!

Ṣé ká máa bẹ̀rù ni?

Ti fíìmù kọ́, àwa la sanwó kí wọ́n dẹ́rù bà wá. Fídíò ìròyìn àti ti olóṣèlú tí wọ́n fi dùùrù arò sí nídìí ni kẹ́ ẹ ṣọ́ra fún. Ẹ pa ohùn ẹ̀, kẹ́ ẹ tún un wò kẹ́ ẹ tó fi ránṣẹ́ sẹ́nikẹ́ni.

Mò ń ṣe skit ní Mọ́kọ́lá, ṣé mo lè lo orin tó bá wù mí?

Rárá o. Content ID, ẹ̀rọ tí YouTube fi ń ṣọ́ orin olórin, máa dá a mọ̀, owó fídíò ẹ lè máa lọ sápò olórin, wọ́n sì lè dí i pa. Gbàṣẹ, tàbí kó o wá onígángan, wọ́n pọ̀ n'Ìbàdàn, san owó ẹ̀ kẹ́ ẹ sì kọ àdéhùn sílẹ̀.