Akọ̀wé àgbà tí kì í bá ìjọba lọ: ìbéèrè àti ìdáhùn lórí òfin ọdún 8

Ní oṣù Kejì ọdún 2025, ọ́fíìsì olórí àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ Nàìjíríà kọ ìwé sí àwọn iléeṣẹ́ ìjọba pé kí olùdarí (director, ipò tó wà lábẹ́ akọ̀wé àgbà) tó bá ti lo ọdún 8 lórí ipò náà palẹ̀ ẹrù rẹ̀ mọ́, kí ó máa lọ sílé. Ọ̀rọ̀ náà rú ọ̀pọ̀ ènìyàn lójú, nítorí ohun tí wọ́n ti ń gbọ́ láti ọjọ́ pípẹ́ ni pé òṣìṣẹ́ ìjọba máa ń ṣiṣẹ́ títí yóò fi pé ẹni 60 ọdún, wọ́n sì rántí àwọn àgbà kan tó jókòó ti olórí orílẹ̀-èdè kan títí dé ọ̀dọ̀ òmíràn.

Ta ni akọ̀wé àgbà gan-an?

Òṣìṣẹ́ ìjọba tó ga jù lọ ní iléeṣẹ́ mínísítà ni, tí wọ́n ń pè ní "permanent secretary", ẹni tí mínísítà bá níbẹ̀, tí mínísítà sì máa ń fi síbẹ̀ lọ.

Ṣé akọ̀wé ni àbí ọ̀gá?

Ọ̀gá tó ń jẹ́ akọ̀wé ni.

Báwo ni ènìyàn kan ṣoṣo ṣe lè gba olórí orílẹ̀-èdè bíi márùn-ún nímọ̀ràn?

Ẹ wo Allison Ayida, ọmọ Itsekiri tí wọ́n bí ní 1930, tó kàwé ní King's College l'Ékòó àti ní Oxford. Ní 1963, nígbà tí kò tíì ju ẹni ọdún 33 lọ, ó ti di akọ̀wé àgbà ní iléeṣẹ́ ìdàgbàsókè ètò ọrọ̀ ajé, lábẹ́ ìjọba Tafawa Balewa. Wọ́n pa Balewa ní oṣù Kìn-ín-ní 1966, Ironsi sì bọ́ sórí àga. Ayida kò kúrò lórí tirẹ̀. Oṣù mẹ́fà lẹ́yìn náà, wọ́n pa Ironsi, Gowon dé, Ayida ṣì wà níbẹ̀. Gowon ló gbé e lọ sí iléeṣẹ́ ètò ìnáwó ní 1971, kò sì pẹ́ sígbà náà tí owó epo rọ̀bì fi bẹ̀rẹ̀ sí í ya wọlé bí omi òjò. Nígbà tí wọ́n yọ Gowon ní 1975, Murtala Mohammed tún sọ Ayida di akọ̀wé ìjọba ológun àpapọ̀ àti olórí gbogbo òṣìṣẹ́ ìjọba. Wọ́n pa Murtala náà, Ọbásanjọ́ sì bá a níbẹ̀, títí ó fi fẹ̀yìn tì ní 1977. Olórí 5, ìfipágbàjọba 3 àti ogun abẹ́lé kan ló fojú rí lórí àga, síbẹ̀ kò tíì pé ẹni 50 ọdún nígbà tó lọ sílé, ọjọ́ orí tí ọ̀pọ̀ òṣìṣẹ́ òde òní ṣì fi ń dúró de lẹ́tà ìgbéga.

Ohun tó mú un ṣeé ṣe kò ju pé àwọn ológun mọ ìbọn lò, ṣùgbọ́n wọn kò mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe bọ́jẹ́ẹ̀tì, wọn kò sì ní ẹgbẹ́ òṣèlú tí wọn yóò ti ṣa olùgbaninímọ̀ràn. Ọ̀dọ̀ àwọn tó mọ ibi tí fáìlì wà ni wọ́n ní láti lọ. Ayida, Philip Asiodu, Ahmed Joda àti àwọn ẹgbẹ́ wọn ni ìwé ìròyìn ń pè ní "super permanent secretaries", nítorí wọ́n ń jókòó sí ìpàdé ìgbìmọ̀ ìjọba, wọ́n sì ń sọ èrò wọn síbẹ̀ láìfòyà.

Ṣé òótọ́ ni pé àwọn akọ̀wé àgbà yìí ló ba àdéhùn Aburi jẹ́?

Ibi tí ìjà máa ń ti bẹ̀rẹ̀ nìyí, nítorí náà ẹ jẹ́ ká rọra. Ní ọjọ́ 4 àti 5 oṣù Kìn-ín-ní 1967, Gowon, Ojukwu tó ń ṣàkóso ẹkùn Ìlà-Oòrùn, àti àwọn ọ̀gá ológun yòókù pàdé ní Aburi ní orílẹ̀-èdè Ghana, wọ́n sì fẹnu kò lórí ohun tó gbé agbára púpọ̀ fún àwọn ẹkùn. Nígbà tí wọ́n padà dé, àwọn akọ̀wé àgbà yẹ àdéhùn náà wò, wọ́n sì kọ ìwé sí Gowon láti fi hàn án ohun tí yóò ṣẹ́ kù lọ́wọ́ ìjọba àpapọ̀ bí ó bá mú un ṣẹ bó ṣe wà. Òfin tó jáde ní oṣù Kẹta, ìyẹn Decree 8, mú púpọ̀ nínú àdéhùn náà lò, ṣùgbọ́n ó tún fún ìjọba àpapọ̀ ní ọ̀nà láti dá sí ọ̀rọ̀ ẹkùn tó bá fẹ́ yapa, Ojukwu sì kọ̀ ọ́. Gowon dá ìpínlẹ̀ 12 sílẹ̀ ní ọjọ́ 27 oṣù Karùn-ún, Ojukwu sì kéde Biafra ní ọjọ́ 30.

Ẹni tó bá ní àwọn akọ̀wé ló fa ogun gbàgbé pé Gowon ló buwọ́ lu òfin. Ẹni tó sì ní iṣẹ́ wọn nìkan ni wọ́n ṣe gbàgbé pé ìmọ̀ràn tí olórí tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé bá gbà kì í ṣe ohun kékeré. Ní tèmi, kíkọ ìwé náà tọ́, ibẹ̀ gan-an ni iṣẹ́ wọn wà.

Ṣé iṣẹ́ náà dájú nígbà náà?

Ó dájú títí di 1975. Murtala lé òṣìṣẹ́ tó lé ní 10,000 kúrò láàárín oṣù díẹ̀, orí rédíò sì ni ọ̀pọ̀ wọn ti gbọ́ orúkọ ara wọn. Asiodu wà lára àwọn tó lọ. Ní 1988, Babangida tún fi Decree 43 sọ akọ̀wé àgbà di "director-general" tí yóò máa bá ìjọba tó yàn án lọ. Nígbà tí Abacha wá ń wá ẹni tí yóò tún iṣẹ́ ìjọba gbé yẹ̀ wò ní 1994, ta ló ránṣẹ́ pè? Ayida náà ni. Ìgbìmọ̀ rẹ̀ sì ní kí wọ́n dá orúkọ àtijọ́ padà.

Ṣé òfin ọdún 8 yìí jẹ́ tuntun?

Rárá o. Ó kọ́kọ́ wáyé ní 2009, ìjọba Buhari dá a dúró ní 2016, ìwé òfin iṣẹ́ ìjọba tuntun sì gbé e padà wá ní 2023: ọdún 8 fún olùdarí, ọdún 4 fún akọ̀wé àgbà, tí wọ́n lè fi 4 mìíràn kún bí iṣẹ́ rẹ̀ bá dára. Ẹ fi òfin yìí wọn Ayida wò: láti 1963, ọdún 8 rẹ̀ ì bá pé ní 1971, ọdún tó dé iléeṣẹ́ ètò ìnáwó gẹ́lẹ́.

Bí ààrẹ bá kúrò, ṣé akọ̀wé àgbà náà gbọ́dọ̀ lọ?

Abala 171 nínú ìwé òfin orílẹ̀-èdè Nàìjíríà ti 1999 ní ààrẹ ló ń yàn án. Ṣùgbọ́n akọ̀wé ìjọba àpapọ̀ àti àwọn tí ààrẹ mú sọ́dọ̀ ara rẹ̀ nìkan ni abala náà sọ pé iṣẹ́ wọn ń parí bí ààrẹ bá ti kúrò.

Ìpele 10 lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba ni mo wà. Ṣé kí n bẹ̀rù?

Ẹ má bẹ̀rù, olùdarí àti akọ̀wé àgbà ni òfin náà ń bá wí. Ẹni 60 ọdún tàbí ọdún 35 lẹ́nu iṣẹ́, èyí tó bá kọ́kọ́ pé, ni tiyín. Àwọn olùkọ́ ní òfin tiwọn láti 2022: ẹni 65 ọdún tàbí ọdún 40 lẹ́nu iṣẹ́. Ohun tó yẹ kí ẹ ṣe ni kí ẹ lọ yẹ ọjọ́ ìbí àti ọjọ́ tí wọ́n gbà yín síṣẹ́ wò nínú àkọsílẹ̀ yín nísinsìnyí, kì í ṣe nígbà tó bá ku oṣù mẹ́ta.

Bí àwọn àgbà bá ń lọ báyìí, ṣé kò ní di pé kò sí ẹni tó mọ nǹkan kan mọ́?

Ìbẹ̀rù yẹn ní ìdí, ṣùgbọ́n inú fáìlì ló yẹ kí ìrántí ìjọba wà. Lẹ́tà ni wọ́n ń so mọ́ apá kan pẹ̀lú nọ́ńbà lórí ojú-ìwé kọ̀ọ̀kan. Ní apá kejì, òṣìṣẹ́ kékeré á kọ èrò rẹ̀, ọ̀gá rẹ̀ á kọ tirẹ̀ sábẹ́ rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni yóò ṣe gòkè dé ọ̀dọ̀ mínísítà. Bí wọ́n bá kọ "KIV" sí i, ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé a ó máa ṣọ́ ọ, bó tilẹ̀ jẹ́ pé a ti gbàgbé rẹ̀ ló sábà máa ń jẹ́.

Bí mínísítà bá wá pàṣẹ ohun tí kò bófin mu ńkọ́?

Òfin ọjà rírà ìjọba ti 2007 sọ pé ọrùn ẹni tó ń bójú tó owó iléeṣẹ́ náà, tó máa ń jẹ́ akọ̀wé àgbà, ni ẹ̀bi yóò wà, ì báà jẹ́ òun ló ṣe é tàbí ọmọọṣẹ́ rẹ̀. Nítorí náà, ẹ kọ ìmọ̀ràn yín sínú fáìlì, ẹ fi ọjọ́ sí i, ẹ buwọ́ lù ú, bí wọ́n bá sì ní kí ẹ yọ ojú-ìwé náà, ẹ ní kí wọ́n fi àṣẹ yẹn náà kọ̀wé sábẹ́ rẹ̀.