Àgbàlá Ló Bí Ilé: Ìpilẹ̀ṣẹ̀ Agbo Ilé Yorùbá

Ẹ bi ọ̀pọ̀ èèyàn léèrè bí agbo ilé ṣe bẹ̀rẹ̀, wọ́n á ní ogun ló fà á: àwọn baba wa kó ilé jọ sójú kan, wọ́n mọ ògiri yí i ká, kí ọ̀tá má baà rọ́nà wọlé. Ogun mú agbo ilé tóbi lóòótọ́. Ní Ìbàdàn tí àwọn jagunjagun tẹ̀ dó ní nǹkan bí 1829, balógun kan lè kó ìyàwó, ọmọ, ọmọ ogun, ẹrú àti ìwọ̀fà sábẹ́ òrùlé kan títí wọn yóò fi tó ará abúlé odindi. Ṣùgbọ́n ta ló ń lọ wá ìpilẹ̀ṣẹ̀ ní Ìbàdàn? Ilé-Ifẹ̀ ni ká lọ. Ohun tó sì wà nílẹ̀ níbẹ̀ fi hàn mí pé àgbàlá ló kọ́kọ́ wà, kí ilé tó wá yí i ká.

Láyé àtijọ́, àpáàdì ni àwọn ará Ifẹ̀ fi ń tẹ́ àgbàlá wọn. Wọn kì í tò ó ní pẹlẹbẹ o. Wọ́n á fi ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ gún ilẹ̀, wọ́n á dà á síbì-í dà á sọ́hùn-ún bí egungun ẹ̀yìn ẹja, wọ́n á wá fi òkúta wẹ́wẹ́ funfun la àárín rẹ̀ ní ìlà ìlà. Nígbà tí Peter Garlake, onímọ̀ tó ń hú ohun àtijọ́ jáde nínú ilẹ̀, hú ilẹ̀ Ọbalárá àti Wóyè Àsírí ní Ifẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1970, ó bá ìkòkò tí wọ́n rì mọ́ àárín irú àgbàlá bẹ́ẹ̀, tó jẹ́ pé ẹnu rẹ̀ nìkan ló yọ, ó sì tún bá pèpéle tí wọ́n ti ń bọ òrìṣà. Àwọn onímọ̀ sọ pé láàárín ọ̀rúndún kejìlá sí ìkẹẹ̀ẹ́dógún ni iṣẹ́ àpáàdì yìí gbòde. Ògiri amọ̀ tó yí wọn ká ti wó, òjò ti fọ̀ ọ́ lọ, àgbàlá ló ṣẹ́ kù.

Ẹ bá mi rò ó. Ta ni yóò jókòó máa gún àpáàdì mọ́lẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, nígbà tí ògiri rẹ̀ jẹ́ amọ̀ lásán, bí kò bá jẹ́ pé ilẹ̀ náà gan-an ni ọlá ilé? Èrò tèmi ni pé ojúbọ ìdílé ló kọ́kọ́ wà ní gbangba, tí ẹbí ń pé jọ síbẹ̀. Òjò lè lé wọn lọ́jọ́ kan, kí wọ́n ta ọ̀dẹ̀dẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ kan. Bó bá tún ṣe, kí wọ́n ta òmíràn sí ìkejì, títí igun mẹ́rẹ̀ẹ̀rin fi pé. Òrùlé wá dẹ̀ sí inú, kí omi òjò lè máa rọ́ sínú àmù ní àgbàlá. Ó lè jẹ́ pé ìkòkò tó ń gba omi ọ̀run yìí náà ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í ta ẹbọ sí lẹ́nu. Ìtàn àtẹnudẹ́nu Ifẹ̀ ní obìnrin tó jọba, Lúwo Gbàgìdá, ló pàṣẹ pé kí wọ́n tẹ́ àpáàdì sílẹ̀ nítorí kò fẹ́ kí ẹrẹ̀ kan òun lẹ́sẹ̀. Mo fara mọ́ ìtàn náà. Ẹni tó bá ti gbá ilẹ̀ àgbàlá ní oṣù Okúdù kò ní bá Lúwo jà.

Leo Frobenius, ará Jámánì tó dé Ifẹ̀ ní 1910, ní tirẹ̀, ní ọ̀dọ̀ àwọn ará Etruria ní Ítálì àtijọ́ ni irú ilé onígun mẹ́rin tó dẹ̀ sínú yìí ti wá. Ọkùnrin yìí kan náà ló ní Ifẹ̀ ni Atlantis, ìlú inú àròsọ tí wọ́n ní òkun gbé mì, nítorí náà ẹ jẹ́ ká fi í sílẹ̀. Àwọn mìíràn ní Bìní ni. Bìní ní àgbàlá tirẹ̀ dáadáa, àmọ́ ìtàn ní láti Ifẹ̀ ni Ọ̀rànmíyàn ti lọ dá ìdílé ọba Bìní sílẹ̀.

Láti Ifẹ̀ ni àṣà náà ti ràn. Àwọn Èkìtì ń pe tiwọn ní àkòdì, Ọ̀wọ̀ ń pe ti ààfin Ọlọ́wọ̀ ní ùghà. Nígbà tí Hugh Clapperton, arìnrìn-àjò ará Britain, dé Ọ̀yọ́-Ilé ní 1826, ó rí òpó àti ilẹ̀kùn ààfin tí wọ́n fín ère sí lára: òjòlá tó ń pa ẹtu, àti àwọn jagunjagun pẹ̀lú onílù wọn. Àlùfáà Samuel Johnson, tó parí ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ ní 1897 tí wọn kò tẹ̀ ẹ́ títí di 1921, ló jẹ́ ká mọ̀ pé kì í ṣe gbogbo èèyàn ló lè yọ kọ̀bì, ìyẹn ọ̀dẹ̀dẹ̀ tó yọ síta, síwájú ilé; ọba àti ìjòyè ló ni ín. Lọ́dọọdún láyé àtijọ́ sì ni wọ́n máa ń ṣe ọdún Bẹẹrẹ ní Ọ̀yọ́, tí wọ́n á gé koríko bẹẹrẹ wá fún òrùlé ààfin. Ní Ìkẹ́rẹ́, Ọlọ́wẹ̀ Ìsẹ̀, agbẹ́gilére, ló gbẹ́ òpó sí àgbàlá Ògògà, ọba ìlú náà. Ilẹ̀kùn tó gbẹ́ síbẹ̀ dé Lọ́ńdọ̀nù fún ìpàtẹ 1924. Àwọn òyìnbó fẹ́ rà á, ọba kọ̀ láti tà á, àfìgbà tí wọ́n ṣe àga ọba fún un ní pàṣípààrọ̀.

Àwọn tó ń gbé inú rẹ̀ ló sọ ọ́ di ilé. Ìyàwó tí wọ́n gbé wọlé kò gbọdọ̀ pe ẹni tó bá nílé lórúkọ, ọmọdé ibẹ̀ pàápàá “ọkọ mi” ni. Ó gbọ́dọ̀ wá orúkọ fún wọn: Adúmáadán, Ìbàdí-àrán, Akọ̀wé, Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́. Baálé bá sì kú, inú yàrá rẹ̀ ni wọ́n ń sin ín sí, kí àwọn ọmọ lè máa bá a sọ̀rọ̀ bí wọ́n bá jí. Ta ni yóò ta ilẹ̀ tí baba rẹ̀ sùn sí?

Ìyókù kò pẹ́ rárá. Wọ́n parí pẹ̀tẹ́ẹ̀sì Àgbádárìgì, tí wọ́n ń pè ní àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà, ní 1845. Àwọn Àgùdà, ìran ẹrú tó gba òmìnira, dé láti Bràsíìlì pẹ̀lú iṣẹ́ bíríkìlà wọn. Ilé Ilọ́jọ̀ tí wọ́n kọ́ ní 1855 wà ní Èkó títí wọ́n fi wó o ní 2016, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìjọba ti kà á mọ́ ohun ìṣẹ̀ǹbáyé láti 1956. Páànù lé bẹẹrẹ lọ. Nínú ètò ilé Àgùdà, àgbàlá ti di ọ̀nà tóóró láàárín yàrá tó kọjú síra. Láti ibẹ̀ la ti bọ́ sí ilé ayálégbé, fúláàtì àti ẹ́sítéètì.

Síbẹ̀, bí ẹ bá ń kọjá ní àdúgbò àtijọ́, ẹ óò rí i tí wọ́n kọ ọ́ gàdàgbà sára ògiri pé ilé yìí kò wà fún títà. Àwọn ẹbí ló ń kọ ọ́, nítorí ọmọ kan tó fẹ́ dá a tà. Ilé ẹjọ́ náà kò gba irú rẹ̀: olórí ẹbí àti àwọn àgbà ìdílé gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí i. Ìdí nìyí tí ẹni tó gbọ́n kì í fi í sanwó ilé ẹbí kó tó béèrè pé ìdí-igi mélòó, ìyẹn ẹ̀ka ọmọ ìyàwó kọ̀ọ̀kan, ni bàbá ní, ta ló sì ń ṣojú fún ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn.